Sógúndogójì Ò Tó Wọn Mọ́

Ọjọ́ Sátidé tó kọjá, níbi ìgbéyàwó ọmọ ọ̀rẹ́ ìyàwó mi kan ní Bódìjà, ọmọbìnrin kan tó wọ súùtì aláwọ̀ ewé ká mi mọ́ ìdí àmàlà. Ó kúnlẹ̀ kí mi, ó fi ìwé dídán kan sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwo mi, ó ní, “Ẹ ǹlẹ́ sà. Ṣé owó ilé lẹ ṣì ń san dànù sà?” Mo ní, “Ọmọ mi, àmàlà ni mò ń jẹ.” Ó rẹ́rìn-ín, ó tún kúnlẹ̀, ó kọjá sí tábìlì kejì. Ọmọ tó gba ẹ̀kọ́ ilé ni. Èmi àti ọmọ yẹn ò ní ìjà. Ìwé tó fi sílẹ̀ ni mo ti ń bá fà á láti ọjọ́ náà, débi pé ìyàwó mi ní bí mo bá tún mú un wá sórí ibùsùn, òun á fi dáná.

Ìpolówó mọ́gééjì ni, ìyẹn owó tí wọ́n ń yáni ra ilé, láti bánkì kan tí n ò ní dárúkọ. Àwòrán bàbá, ìyá àti ọmọ kan tó tó ọmọ ọdún mẹ́rin ló wà lójú rẹ̀, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ń rẹ́rìn-ín níwájú ilé tuntun. Lábẹ́ wọn, ní lẹ́tà tó tóbi bí àtàǹpàkò mi: yá ₦20 mílíọ̀nù, fi 20 ọdún san án, ₦419,643 péré lóṣù. Péré! Ní ìsàlẹ̀ pátápátá, ní lẹ́tà tó kéré bí ẹsẹ̀ èèrà, wọ́n kọ èlé ọdọọdún: 25%. Mo bọ́ ìgò ojú mi, mo nù ún, mo gbé e wọ̀ padà. Mo yí ìwé náà síwá, mo yí i sẹ́yìn. Iye tí ènìyàn máa san lápapọ̀ kò sí níbẹ̀. Kò sí lójú ìwé, kò sí lẹ́yìn ìwé, kò sí lábẹ́ ọmọ tó ń rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ń bá mi bọ̀ lójú ìwé yìí mọ̀ pé ọ̀rọ̀ èmi àtàwọn onítáì bánkì ò tíì tán. Ẹ ò tíì gbàgbé ìjà ₦50 tí wọ́n yọ nínú owó mi, tí mo fi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko kọ ọ́, tí olóòtú wá ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ₦50 ni o.” Kí ẹnikẹ́ni má baà tún ní mo ń ṣáko, ọ̀rọ̀ mi tòní pín sí mẹ́ta. Èkíní, iye tí ilé jẹ́ gan-an. Èkejì, àwọn owó kéékèèké. Ẹ̀kẹta, ọ̀nà àbáyọ. Ó ti yé wa.

Èkíní: iye tí ilé jẹ́ gan-an

Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀. ₦419,643 lóṣù kan, fún oṣù 240. Ó di ₦100,714,320. Ogún mílíọ̀nù lẹ gbà, ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù àti díẹ̀ lẹ máa dá padà. Nígbà tí a wà ní kékeré, ayánilówó kan wà ládùúgbò wa tí àwọn àgbàlagbà máa ń gba ẹ̀yìnkùlé kọjá nítorí rẹ̀. Sógúndogójì là ń pè é, torí pé ó ń sọ ogún di ogójì. Èébú ni orúkọ yẹn. Kò sẹ́ni tó ń fi ọmọ fún ọmọ rẹ̀. Ẹ wá wo ẹni tó sọ ogún di ọgọ́rùn-ún lónìí: ó wọ kóòtù, ó so táì, wọ́n sì fún un láyè láti máa pín ìwé níbi ìgbéyàwó. Sógúndogójì ò tó wọn mọ́.

Ẹ má ṣì mí gbọ́. N ò ní kí bánkì má gba èlé. Owó ẹlòmíì ni wọ́n fi ń yáni, owó ọ̀hún náà sì wọ́n kí ó tó dé ọwọ́ wọn. Ohun tí mo ń bá wọn jà lé lórí kò ju ìlà kan ṣoṣo lọ: “Àpapọ̀ rẹ̀ rèé.” Ìlà kan. Wọ́n rí àyè fi òdòdó sí etí ìwé náà.

Oṣù àkọ́kọ́ ló wá pa mí lára jù. Nínú ₦419,643 tẹ́ ẹ san lóṣù àkọ́kọ́, ₦416,667 jẹ́ èlé. Ohun tó kan ojú owó kò ju ₦2,976 lọ. Ẹran tó wà lórí àmàlà mi lọ́jọ́ náà jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ọdún kan bá pé, ẹ ti san ju mílíọ̀nù márùn-ún lọ, gbèsè yín sì dín ní nǹkan bí ₦40,000. Ẹ jẹ́ kí ọdún mẹ́wàá kọjá, ká wá débi ìlàjì ọ̀nà. Ẹ ti san ₦50 mílíọ̀nù àti díẹ̀. Èló ló kù? Ó ṣì ku ₦18.4 mílíọ̀nù. Ẹni tó bá ro pé bí ọdún ṣe pín sí méjì náà ni gbèsè ṣe pín sí méjì, ẹ pè é síbí kó wá wo nǹkan.

Ìyá bàbá mi, kó tó papòdà, máa ń sọ ìtàn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin kan tí wọ́n fi ṣe ìwọ̀fà. Bàbá wọn ló kú, ìsìnkú sì sọ wọ́n di onígbèsè pọ́n-ùn mẹ́ta ààbọ̀. Ọmọ náà á jí lọ sóko olówó rẹ̀, á kọ ebè, á já kòkó, á ru ú wálé. Bí ẹ bá sọ ọ́ fún ọmọ ìwòyí, yóò ní iṣẹ́ tó ń ṣe ni wọ́n ń yọ nínú gbèsè. Rárá o. Iṣẹ́ ìwọ̀fà, èlé ló ń san. Ojú owó dúró gbọin-in síbi tó wà. Ọdún mẹ́sàn-án ni ọmọ yẹn fi sìn, nígbà tó sì di ọdún kẹsàn-án, pọ́n-ùn mẹ́ta ààbọ̀ náà ni wọ́n ṣì jẹ. Ọdún tí kòkó lówó lórí ni ẹbí tó para pọ̀ san án lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, tí wọ́n sì mú ọmọ wọn wálé, ó ti di ọkùnrin onírùngbọ̀n. Ibi tí ìyá àgbà máa ń parí ìtàn náà sí ni mi ò lè gbàgbé. Á ní olówó ọ̀hún kì í ṣe ènìyàn burúkú o, ó máa ń gé ẹran fún ẹ̀gbọ́n òun lọ́jọ́ ọdún. Ọmọ tó wọ súùtì náà kì í ṣe ènìyàn burúkú. Ìwà kọ́ ló ń ṣírò èlé.

Ẹ tiẹ̀ wo orúkọ tí àwọn tó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà fún un. Inú èdè Faransé àtijọ́ ni mọ́gééjì ti wá, ìtumọ̀ rẹ̀ sì ni ohun ìdógò òkú. Wọn ò fi pamọ́. Àwa la sọ ọ́ di ohun tí wọ́n ń fi àwòrán ọmọ polówó.

Èkejì: àwọn owó kéékèèké

Díẹ̀díẹ̀ nimú ẹlẹ́dẹ̀ ń wọgbà. Owó tẹ́ ẹ máa kọ́kọ́ mú sílẹ̀ látinú àpò ara yín, owó lọ́yà, owó ẹni tó wá díye lé ilé, inṣọ́ránsì ilé, inṣọ́ránsì ẹ̀mí ẹ̀yin tẹ́ ẹ yáwó, àti owó ìfọwọ́sí gómìnà, torí Òfin Ilẹ̀ ti 1978 ní a ò gbọdọ̀ fi ilẹ̀ dógò láìjẹ́ pé gómìnà fọwọ́ sí i. Mo ti to gbogbo rẹ̀ sínú ìwé kan, mo fẹ́ mú wọn níkọ̀ọ̀kan, àfi bí ọ̀rẹ́ mi òṣìṣẹ́ bánkì tí mo ń pè ní Onítáì ṣe pè mí láàárọ̀ Ọjọ́rú. Ẹ mọ̀ ọ́n. Òun náà ló gbèjà ₦50 yẹn.

Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ ò ka bí náírà ṣe ń jábọ̀ mọ́ ọn. Tó bá fi máa di ogún ọdún sí i, ₦419,643 ò ní ju owó àpò sìmẹ́ǹtì mélòó kan lọ. Ẹni tó yáwó ló máa jèrè.” Mo dákẹ́. Mo dákẹ́ nítorí òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀. Owó ilé náà kò dúró sójú kan, àwọn onílé wa ń bù ú lé e lọ́dọọdún. Mo bá ní, “Ó dáa. Èlé yín ńkọ́, ṣé ó dúró sójú kan?” Òun náà dákẹ́.

Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀. Láàárín oṣù kejì sí oṣù kọkànlá ọdún 2024, ìgbà mẹ́fà ni bánkì àpapọ̀ wa, CBN, gbé ìdíwọ̀n èlé rẹ̀ sókè, láti 18.75% títí ó fi dé 27.5%. Ìgbà tí wọ́n máa kọ́kọ́ sọ ọ́ kalẹ̀, oṣù kẹsàn-án 2025, 27% ni wọ́n sọ ọ́ sí. Gígun rẹ̀, bí ọ̀bọ tó rí ọ̀gẹ̀dẹ̀. Sísọ̀ rẹ̀, bí alábọyún tó ń sọ̀kalẹ̀ ọkọ̀. Bí wọ́n bá kọ ọ́ sínú àdéhùn yín pé bánkì lè yí èlé padà, tí 25% sì di 30%, èlé oṣù kan lórí ₦20 mílíọ̀nù ti di ₦500,000. ₦419,643 tẹ́ ẹ̀ ń san ò ní tó èlé lásán. Ẹ máa san gbogbo rẹ̀, gbèsè á tún máa ga sí i. Ìwọ̀fà ẹ̀gbọ́n ìyá àgbà sàn jùyẹn lọ. Pọ́n-ùn mẹ́ta ààbọ̀ tirẹ̀ ò fi ẹyọ kan lé e.

Náírà tó ń jábọ̀ máa ń gbè ẹni tí owó oṣù rẹ̀ bá ń sáré tẹ̀lé ọjà. Owó oṣù ta ni? Owó oṣù tó kéré jù lọ tí òfin fọwọ́ sí ní 2024 jẹ́ ₦70,000. Ìsanwó oṣù kan tí wọ́n pè ní “péré” yẹn gba owó oṣù mẹ́fà lọ́wọ́ ẹni bẹ́ẹ̀. Onítáì ní kì í ṣe irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń tà á fún. Mo ní mo mọ̀, mo sì béèrè pé ta ni ìwọ̀nba àwọn yòókù. Ó ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dáa.

Kẹ́nikẹ́ni má sì sọ fún mi pé kò ṣe é kọ sínú ìwé. Ọmọ àbúrò bàbá mi kan wà ní Peckham, ní London, tó yá £250,000 ní 5%, fún ọdún 25. Ìwé tí wọ́n fún un kó tó fọwọ́ sí i sọ ọ́ láìfi bo ohunkóhun: lórí pọ́n-ùn kọ̀ọ̀kan tó bá yá, yóò dá pọ́n-ùn kan àti nǹkan bí pẹ́ńsì 75 padà. Àpapọ̀ rẹ̀ tó £438,000. Ó ní nígbà tí òun rí i, òun jókòó sílẹ̀. Ó dáa bẹ́ẹ̀! Ìgbà tó yẹ kí ènìyàn jókòó nìyẹn, kí bírò tó kan ìwé. Ní Amẹ́ríkà, láti 1968 ni òfin ti ní kí ayánilówó sọ iye tó ń gbà gan-an. Ọdún 1968! Èmi ò tíì mọ tábìlì ìlọ́po ìgbà yẹn.

Ìjọba tiwa náà ò níí bọ́. Òfin Owó Ilé Gbígbé ti 1992, tí wọ́n ń pè ní NHF, ní kí wọ́n máa yọ 2.5% nínú owó oṣù òṣìṣẹ́. Ẹ wo ìwé owó oṣù yín. Inú rẹ̀ ni wọ́n ti ń yá òṣìṣẹ́ lówó ilé, èlé ìdá mẹ́fà nínú ọgọ́rùn-ún la sì mọ̀ ọ́n mọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀: ogún mílíọ̀nù kan náà, ogún ọdún kan náà, ní 6%, ó di ₦143,286 lóṣù, ₦34,388,640 lápapọ̀. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín méjèèjì jẹ́ mílíọ̀nù mẹ́rìndínláàádọ́rin, lórí ilé kan náà, lábẹ́ páànù kan náà. Àwọn tí owó yìí tọ́ sí pọ̀, tí wọ́n á dáwó títí wọ́n á fi fẹ̀yìn tì láìbéèrè rẹ̀, tí wọ́n á wá gba owó wọn padà pẹ̀lú èlé ìdá méjì nínú ọgọ́rùn-ún. Wọ́n fi tiwọn yá ẹlòmíì kọ́lé, àwọn sì wà lábẹ́ onílé.

Olóòtú ní ààyè mi ti kù díẹ̀. Mi ò tíì débi owó kéékèèké. Ẹ forí jì mí, ẹ wo ìlà mélòó kan sókè, orúkọ wọn wà níbẹ̀, iye wọn ni kò sí. Bẹ́ẹ̀ ni, mo gbọ́ ara mi.

Ẹ̀kẹta, kíákíá. Bí ẹ bá ti tọrùn bọ̀ ọ́, ẹ bá ojú owó jà. Ẹ fi ₦42,000 lé ìsanwó 25% yẹn lóṣooṣù, kí bánkì kọ ọ́ sílẹ̀ fún yín pé ojú owó ni wọ́n máa yọ ọ́ nínú rẹ̀, kí ẹ sì béèrè bóyá owó ìtanràn wà fún ẹni tó bá tètè san tán. Bí kò bá sí, ẹ máa parí rẹ̀ ní oṣù 113, ìyẹn ọdún mẹ́sàn-án ó lé oṣù márùn-ún, àpapọ̀ rẹ̀ ò sì ní ju ₦52 mílíọ̀nù àti díẹ̀ lọ. Ẹgbẹ̀rún méjìlélógójì lóṣù ló gba mílíọ̀nù méjìdínláàádọ́ta sílẹ̀. Ìdí nìyẹn tí n ò fi dákẹ́ lórí ìlà kan. Ẹni tí kò rí ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù náà, kí ni yóò mú un wá ẹgbẹ̀rún méjìlélógójì kiri?

Lálẹ́ àná, ìyàwó mi ń sùn, mo yọ ìwé dídán náà lábẹ́ ìrọ̀rí. Ọmọ tó wà nínú àwòrán á ti di àgùnbánirọ̀ kí bàbá rẹ̀ tó san ilé yẹn tán. Mo mú bírò pupa, mo kọ ₦100,714,320 sábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, ní nọ́ńbà gàdàgbà-gadagba. Àyè tó gbà á dáadáa wà níbẹ̀.