Owó Ọmọ, Ti Ọmọ Ni

Ọmọdé tó bá kópa nínú fíìmù ti ṣiṣẹ́. Ohun tí mo fẹ́ kí àwa òbí gbà nìyẹn, láti Ìkìrun dé Ìnísà títí kan Òkukù.

Iṣẹ́ tíṣà ni mo ṣe kí n tó fẹ̀yìn tì. Ọmọbìnrin kan wà ní kíláàsì mi, ó mọ eré ṣe, ojú kì í tì í. Àwọn onífíìmù wá sí Ìkìrun, wọ́n mú un lọ sí lókéṣọ̀n ní òpin ọ̀sẹ̀. Láàárọ̀ Mọ́ńdè, ó ti sùn lọ lórí tábìlì, àtíkè tí wọ́n fi kùn ún ṣì wà lẹ́bàá etí rẹ̀. Mo bi í pé kí ni wọ́n fún un.

"Bísíkíìtì àti míníráàlì, mà."

Ìyá rẹ̀ ní wọ́n san owó ọkọ̀, pé ẹ̀bùn Ọlọ́run ni, àwọn kò lè tà á. Inú bí mi. Ẹ̀bùn Ọlọ́run ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹni tó ya fíìmù yẹn tà á.

Láyé Kọ́lá Ògúnmọ́lá àti Oyin Adéjọbí, àwọn ọ̀gá eré orí ìtàgé ní Òṣogbo, ìyàwó àti ọmọ ọ̀gá wà lára àwọn òṣèré. Ọmọ tó bá dàgbà níbẹ̀ ń jẹun nínú iṣẹ́ náà, á sì jogún rẹ̀. Kọ́lá kú ní 1973, Pèjú ọmọ rẹ̀ di òṣèré tí gbogbo wa mọ̀. Ọmọ tí wọ́n wá yá fún ọjọ́ méjì ńkọ́? Kí ni yóò jogún lọ́wọ́ ẹni tí kò mọ ilé bàbá rẹ̀?

Fífi owó náà sọ́wọ́ òbí nìkan kò tó. Jackie Coogan, ọmọdé òṣèré ní Amẹ́ríkà, bá Charlie Chaplin ṣe fíìmù The Kid ní 1921. Nígbà tó dàgbà, ìyá rẹ̀ àti ọkọ ìyá rẹ̀ ti ná owó rẹ̀ tán. Ẹjọ́ rẹ̀ ló bí òfin California ti 1939; lónìí, 15% owó ọmọ gbọ́dọ̀ wọ báńkì títí yóò fi pé ọdún 18. Shirley Temple náà, tó bẹ̀rẹ̀ eré ní ọmọ ọdún mẹ́ta, bá díẹ̀ péré nílẹ̀ nínú èyí tó pa.

Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé tiwa, ti 2003, fàyè gba iṣẹ́ oko àti iṣẹ́ ilé tó fúyẹ́ lọ́dọ̀ ẹbí. Kò dárúkọ owó fíìmù. Nítorí náà, TAMPAN, ẹgbẹ́ àwọn òṣèré wa, ni mo ń bẹ̀: ẹ fi sínú ìwé àdéhùn pé kí ọmọ ní àkáǹtì lórúkọ ara rẹ̀ kí wọ́n tó tan kámẹ́rà, kó má sì sí iṣẹ́ alẹ́ fún un bí ilé ìwé bá wà lọ́jọ́ kejì. Ẹni tó rí owó háyà jẹnẹrétọ̀ á rí ti ọmọ.