Ibi Tí Ohunkóhun Kò Wúwo

Àwọn kan wà láàrin àwa tí a ń kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ tí wọ́n gbà pé ìtàn tí ọmọdé bá fi ọkàn ara rẹ̀ dá kò yẹ ní kíláàsì, nítorí pé irọ́ ni. Àwọn mìíràn sì ní kí a jẹ́ kí ọmọ kọ ohunkóhun tí ó bá wù ú, nítorí pé ayé tí a fi ọkàn dá kò ní òfin. A rò pé ọ̀tún àti òsì ni àwọn méjèèjì yà sí, tí wọ́n fi ojú ọ̀nà sílẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré, nítorí iṣẹ́ ọwọ́ ọmọ ni à ń fi ṣe ìdájọ́.

Ẹ gbọ́ àpẹẹrẹ kan. Nígbà tí a lọ dán iṣẹ́ wò ní agbègbè Òṣòdì àti Ìsolò, ọmọ kan kọ ìtàn ayé kan. Ní ayé náà, láti Òṣòdì títí dé ọjà Ìsolò, ohunkóhun kò wúwo mọ́. Àwọn alábàárù ń fi ìka kan ṣoṣo ti àpò ìrẹsì, ẹnikẹ́ni kò làágùn, àwọn arúgbó sì ń léfòó kọjá lórí sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ ọkọ̀. Olùkọ́ kan fa ìlà pupa kọjá lórí gbogbo rẹ̀. Olùkọ́ kejì ní bí ó bá jẹ́ ti òun ni, mẹ́wàá nínú mẹ́wàá ni òun ì bá fún un, kò sì ní bi ọmọ náà ní ìbéèrè kankan.

Ẹni tí ó fa ìlà pupa, kí ó kọ́kọ́ lé Ìjàpá jáde kúrò ní kíláàsì, kí ó sì fi Fágúnwà tẹ̀ lé e, ẹni tí òun pàápàá jẹ́ olùkọ́, tí ìwé rẹ̀, Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀, jáde ní ọdún 1938. A kò ní í pẹ́ níhìn-ín. Ti olùkọ́ kejì ni ó gba àròjinlẹ̀.

Àwọn ará Yúróòpù ti kọ irú ìtàn ọmọ yìí rí. Jules Verne ará Faransé, nínú ìwé rẹ̀ ti ọdún 1870 lórí àwọn tí wọ́n lọ yí òṣùpá ká, sọ pé ojú kan ṣoṣo ni àwọn èrò ọkọ̀ náà ti pàdánù ìwúwo wọn, níbi tí òòfà ayé àti òòfà òṣùpá ti dọ́gba. Ṣùgbọ́n nínú ìwé kan náà, ajá wọn kú, wọ́n jù ú síta, òkú rẹ̀ sì ń bá ọkọ̀ rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́-lẹ́gbẹ̀ẹ́. Bí òkú ajá bá lè bá ọkọ̀ rìn lóde láìsí ohun tí ó gbé e dúró, kí ló dé tí àwọn tí ń bẹ nínú ilé ọkọ̀ fi ń fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀? Ajá ni ó mọ òfin ju onítàn lọ. H. G. Wells ará Gẹ̀ẹ́sì ṣe é dára jù ú lọ ní ọdún 1901. Ó dá ohun kan tí ń dí òòfà ayé lọ́nà, kò sì gbàgbé pé afẹ́fẹ́ orí rẹ̀ náà kò ní í wúwo mọ́. Ìjì ńlá ni ó ti ibẹ̀ jáde.

Kí ni àìwúwo gan-an? Púpọ̀ ènìyàn, àti àwọn olùkọ́ pẹ̀lú, ń sọ pé òòfà ayé tán lókè réré. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ibùdó tí àwọn orílẹ̀-èdè pawọ́ pọ̀ gbé sí òfuurufú, tí ènìyàn ti ń gbé inú rẹ̀ láti ọdún 2000, jìnnà sí ilẹ̀ ní nǹkan bí 400 kìlómítà. Níbẹ̀, òòfà ayé ṣì kù tó nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá. Ṣe ni ibùdó náà ń já bọ̀ láìsinmi, ṣùgbọ́n eré rẹ̀ tó nǹkan bí 28,000 kìlómítà ní wákàtí kan, débi pé bí ó ti ń já bọ̀ ni ilẹ̀ ayé ń tẹ̀ kúrò lábẹ́ rẹ̀. Ènìyàn, ṣíbí, omi, gbogbo wọn jùmọ̀ ń já bọ̀, ọ̀kan kò sì tẹ èkejì mọ́lẹ̀. Ẹni tí ó bá wọ dánfó láti Òṣòdì sí Ìsolò ti tọ́ ọ wò díẹ̀: bí táyà bá já sínú kòtò, ìdí á kúrò lórí ìjókòó, inú á sì fò sókè. Ìjàpá pẹ̀lú, lọ́jọ́ tí àwọn ẹyẹ gba ìyẹ́ wọn lára rẹ̀ lọ́run, bí a bá yọ ti afẹ́fẹ́ kúrò, kò wúwo rárá lójú ara rẹ̀ títí ó fi kan ilẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé ọ̀rọ̀ àwọn òyìnbó nìkan ni èyí: nígbà tí John Glenn ará Amẹ́ríkà yí ayé po lẹ́ẹ̀mẹta ní ọdún 1962, ibùdó kan ní Kánò wà lára àwọn tí ń tẹ́tí sí ọkọ̀ rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí á wá padà sí ọjà ọmọ náà. Ìwúwo àpò ìrẹsì lọ, ṣùgbọ́n ìrẹsì inú rẹ̀ kò dín. Alábàárù tí ó bá fi ìka kan tì í, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ni àpò náà yóò gbéra. Bí ó bá sì ti gba eré tán, tí ẹnìkan dúró láàrin rẹ̀ àti ògiri, egungun àyà onítọ̀hún yóò fọ́. Òṣùwọ̀n kò ní í wọn ohunkóhun mọ́, nítorí náà ìjà àwọn òǹtajà yóò pọ̀ sí i. Àbẹ́là tí a tàn nínú ọkọ̀ òfuurufú máa ń jó róbótó, àwọ̀ rẹ̀ á sì jọ aró, nítorí afẹ́fẹ́ gbígbóná kò mọ ibi tí òkè wà. Báwo ni ìyá alákàrà yóò ti dáná? Àwọn tí ó pẹ́ ní òfuurufú, egungun ìbàdí wọn a máa dín ní nǹkan bí ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún lóṣooṣù, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń ṣe eré ìdárayá fún nǹkan bí wákàtí méjì lójúmọ́. Àwọn arúgbó tí ń léfòó nínú ìtàn yẹn ńkọ́? Lẹ́yìn ọdún kan, ta ni nínú wọn tí ó lè fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn dé Muṣin?

Ààlà ibẹ̀ ni ó dùn mọ́ wa jùlọ. Afẹ́fẹ́ tí ó wúwo láti Muṣin àti Ìkẹjà yóò máa rọ́ wọlé láti gbogbo ẹ̀gbẹ́, yóò sì máa ti èyí tí kò wúwo lọ sókè tọ̀sán-tòru. Ẹni tí ó bá sì gbé omi gòkè láìṣe wàhálà nínú agbègbè náà, tí ó dà á sórí kẹ̀kẹ́ ẹ̀rọ lóde ààlà, yóò máa rí agbára gbà lọ́fẹ̀ẹ́ láìdáwọ́dúró. Iná mànàmáná kò ní í ṣẹ́jú mọ́! Àwọn ọmọ onílẹ̀ yóò ha dákẹ́ lórí irú ààlà bẹ́ẹ̀ bí? Ìtàn gan-an nìyí, ọmọ náà kò sì tíì fọwọ́ kàn án, nítorí ẹnikẹ́ni kò bi í.

Ìmọ̀ràn wa ni pé kí a gba ayé tí ọmọ bá dá, kí a sì máa bi í léèrè títí yóò fi mọ òfin rẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ kí kíláàsì fojú rí àìwúwo, ẹ wá agolo mílíìkì òfìfo, ẹ fi ìṣó lu ihò sí ẹ̀gbẹ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀, kí ẹ sì bu omi kún un. Omi yóò máa tú jáde. Ẹ jù ú sílẹ̀ láti orí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, kí àwọn ọmọ tẹjú mọ́ ihò náà: omi yóò dá títí agolo yóò fi kan ilẹ̀. Ẹ kó agolo mẹ́ta tàbí mẹ́rin dání, nítorí kò sí ọmọ tí kò ní í fẹ́ jù ú fúnra rẹ̀.