Ojú Owó àti Èlé: Ohun Tí Ó Yẹ Kí A Mọ̀ Kí A Tó Fi Ilé Dógò



Ọ̀rọ̀ owó ilé kì í tán lẹ́nu àwọn ará wa ní Ìfàkò, ní Ìjú, ní Ògbà, ní Ìjàyè, àti títí dé Agbádó. Kò sí ẹni tí inú rẹ̀ ń dùn láti máa kó ẹrù láti ilé dé ilé pẹ̀lú ọmọ wẹ́wẹ́, bẹ́ẹ̀ ni kò sí ẹni tí kò fẹ́ kí a máa pe òun ní onílé kí ọjọ́ alẹ́ tó dé. Nítorí náà, bí ẹnìkan bá wí fún òṣìṣẹ́ olówó oṣù pé, “Báńkì yóò yá ọ lówó ra ilé, ogún ọdún ni ìwọ yóò sì fi san án díẹ̀díẹ̀,” ọ̀rọ̀ náà a máa dùn létí rẹ̀ púpọ̀. Irọ́ kọ́ ni. Ṣùgbọ́n apá kan òtítọ́ ni. Apá kejì ni a fẹ́ sọ lọ́sẹ̀ yìí.

Ẹ jẹ́ kí a fi tọkọtaya kan ṣe àpẹẹrẹ. Ọkọ ń ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ kan ní ìhà Ìkẹjà. Aya ń rán aṣọ ní Ìjú. Wọ́n rí ilé kan tí ó wù wọ́n. Wọ́n ní owó díẹ̀ nípamọ́, ó ku ₦10,000,000 kí owó náà tó pé. Báńkì ní òun yóò yá wọn, pé èlé rẹ̀ jẹ́ 24 nínú 100 lọ́dún, pé ogún ọdún ni wọn yóò fi san án, àti pé ₦201,741 ni wọn yóò máa san lóṣooṣù. Ọkọ délé pẹ̀lú ayọ̀, ó ní, “Ìyá Ìbejì, bí a bá ṣán ìbàǹtẹ́ wa le, agbára wa yóò ká a.”

Aya rẹ̀ dákẹ́ díẹ̀, lẹ́yìn náà ni ó wí pé, “Bàbá Ìbejì, ẹ kú wàhálà wa. Ẹ jọ̀wọ́, nínú owó tí a ó san lóṣù àkọ́kọ́, èló ni yóò dín kù nínú gbèsè náà?” Ọkọ kò lè dáhùn. Kò sí ẹni tí ó sọ fún un, òun náà kò sì bèèrè.

Ìdáhùn rẹ̀ nìyí: ₦1,741 péré. Èlé oṣù àkọ́kọ́ nìkan jẹ́ ₦200,000. Nínú gbogbo làálàá oṣù kan, ìyókù tí ó kàn ojú owó kò tó nǹkan.

Àwọn baba ńlá wa mọ irú ọ̀ràn yìí dáradára. Ní ayé ìgbà náà, ẹni tí ó bá yá owó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà lọ́dọ̀ olówó. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe ní oko olówó, èlé ni ó dúró fún. Kò dín ojú owó kù rárá. Ìbáà ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́wàá, ọjọ́ tí àwọn ènìyàn rẹ̀ bá kó ojú owó wá ní pípé ni ó tó gba ara rẹ̀. Ìwọ̀fà ti kásẹ̀ nílẹ̀, a sì dúpẹ́. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ tí ó wà láàrín ojú owó àti èlé kò kásẹ̀ nílẹ̀. Ẹni tí kò bá mọ èyí tí òun ń san nínú méjèèjì lè máa rò pé òun ń ra ilé, kí ó sì jẹ́ pé oko olówó ni òun ń ro.

Báyìí ni ìṣirò náà ṣe ń lọ. Ní òpin oṣù kọ̀ọ̀kan, báńkì yóò wo gbèsè tí ó kù, yóò sì ka èlé oṣù kan lé e lórí. Nínú owó tí a bá mú wá, èlé ni báńkì yóò kọ́kọ́ yọ. Ohun tí ó bá ṣẹ́kù ni yóò dín ojú owó kù. Ní ìbẹ̀rẹ̀, gbèsè ṣì pọ̀, nítorí náà èlé a fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ohun gbogbo tán. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún, tọkọtaya wa yóò ti san owó tí ó lé ní ₦12,100,000, èyí tí ó ju gbogbo ohun tí wọ́n yá lọ. Síbẹ̀ wọn yóò ṣì jẹ báńkì ní nǹkan bí ₦9,800,000. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, wọn yóò ti san ju ₦24,200,000 lọ, gbèsè yóò sì kù bí ₦9,150,000. Nígbà tí ogún ọdún bá pé, gbogbo ohun tí wọ́n san yóò lé ní ₦48,400,000. Mílíọ̀nù mẹ́wàá tí a yá ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po márùn-ún. Díẹ̀ díẹ̀ ni imú ẹlẹ́dẹ̀ fi ń wọ ọgbà.

Ẹ kíyèsí ohun kan tí ó ya ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́nu. Bí tọkọtaya yìí bá ní kí báńkì jẹ́ kí wọ́n san owó kan náà, pẹ̀lú èlé kan náà, ní ọdún mẹ́wàá dípò ogún, ₦220,481 ni wọn yóò máa san lóṣù. Àfikún rẹ̀ jẹ́ ₦18,740 lóṣù. Ṣùgbọ́n àpapọ̀ owó tí wọn yóò san yóò wá sí nǹkan bí ₦26,460,000. Èyí ni pé àfikún kékeré yẹn yóò yọ wọ́n nínú sísan owó tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù méjìlélógún náírà. Nítorí náà, kì í ṣe iye èlé nìkan ni ó ń sọ ilé di ọ̀wọ́n. Iye ọdún pẹ̀lú ń ṣe é. Ẹni tí ó bá fi ọdún púpọ̀ tù wá nínú, kí a béèrè iye tí ìtùnú náà yóò ná wa.

Bẹ́ẹ̀ náà ni ó rí níbi tí èlé kò pọ̀. Bí a bá yá ₦10,000,000 kan náà ní èlé 6 nínú 100, tí a sì fi ogún ọdún san án, ₦71,643 ni oṣù kan, àpapọ̀ rẹ̀ á fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ₦17,200,000. Bí a bá fi ọgbọ̀n ọdún san án, owó oṣù yóò wálẹ̀ sí ₦59,955, ṣùgbọ́n àpapọ̀ yóò gòkè sí nǹkan bí ₦21,580,000. Ìrọ̀rùn oṣooṣù náà ni a fi ₦4,390,000 rà. Ó lè tọ́ bẹ́ẹ̀ fún ẹlòmíràn. Kí ó ṣáà mọ̀ pé òun rà á ni.

Ewu kejì wà nínú ìwé àdéhùn. Nínú ọ̀pọ̀ ìwé báńkì, èlé kò dúró lójú kan; báńkì lè yí i padà bí ọjà owó bá yí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2022, èlé tí Báńkì Àpapọ̀ ilẹ̀ Nàìjíríà fi ń ṣe òṣùwọ̀n fún àwọn báńkì yòókù jẹ́ 11.5 nínú 100. Ní oṣù November 2024, ó ti di 27.5. Bí èlé tọkọtaya wa bá kúrò ní 24 tí ó di 28 lọ́dún àkọ́kọ́, èlé oṣù kan nìkan yóò ju ₦230,000 lọ. ₦201,741 tí wọ́n ti ṣètò sílẹ̀ kò ní lè san èlé tán, gbèsè yóò sì máa pọ̀ sí i nígbà tí wọ́n rò pé ó ń dín kù.

Ewu kẹta ni àwọn ìnáwó tí a kì í dárúkọ lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Gẹ́gẹ́ bí Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978, a kò lè fi ilé tí ó ní ìwé àṣẹ dógò láìgba ìyọ̀ǹda Gómìnà, a sì ń sanwó fún un. Owó lọ́yà wà, owó ẹni tí yóò díye lé ilé wà, owó òǹtẹ̀ wà, owó adójútòfò wà, báńkì náà sì ní owó iṣẹ́ tirẹ̀. Lẹ́yìn tí a bá wọlé tán, owó orí ilé tí ìjọba Èkó ń gbà lọ́dọọdún ń bẹ níwájú, pẹ̀lú òrùlé tí yóò jò àti kànga tí yóò gbẹ. Onílé kò tún ní ẹni tí yóò ké sí láti wá tún un ṣe.

Ǹjẹ́ ọ̀nà tí ó rọrùn jù èyí wà bí? Ó wà, kì í sì í ṣe òní ni a ti ń wá a. Ní ọdún 1956 ni a dá Nigerian Building Society sílẹ̀ láti máa yá àwọn ènìyàn lówó ilé. Ní ọdún 1977, Federal Mortgage Bank of Nigeria gba ipò rẹ̀. Òfin ọdún 1992 sì dá National Housing Fund sílẹ̀: òṣìṣẹ́ ń dá 2.5 nínú 100 owó oṣù rẹ̀ sínú àpò náà, ẹni tí ń ṣe iṣẹ́ ara rẹ̀ pẹ̀lú lè wọlé, lẹ́yìn oṣù mẹ́fà ó sì lè béèrè owó ilé ní èlé 6 nínú 100, tí a lè fi tó ọgbọ̀n ọdún san. Ìjọba Èkó pẹ̀lú ṣe tirẹ̀. Ní ọdún 2014, nígbà Gómìnà Fashola, a gbé ètò kan kalẹ̀ tí olùrà fi ń san 30 nínú 100 sílẹ̀, tí ó sì ń san ìyókù ní ọdún mẹ́wàá pẹ̀lú èlé 9.5. Ní ọdún 2016, nígbà Gómìnà Ambode, ètò mìíràn dé, nínú èyí tí a ń san 5 nínú 100 sílẹ̀, tí a sì ń san ìyókù bí owó ilé títí ọdún mẹ́wàá yóò fi pé. Ilé irú èyí kì í kárí, ìwé rẹ̀ sì ń gba sùúrù. Ṣùgbọ́n bí a bá ń yọ owó National Housing Fund nínú owó oṣù yín, ẹ má ṣe jẹ́ kí ó sùn síbẹ̀ láìbéèrè ẹ̀tọ́ yín.

Ọ̀nà àtijọ́ náà ń bẹ. Lórí ilẹ̀ Ìfàkò, níbi tí J. K. Coker gbin kòkó sí ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún tí ó kọjá, ọ̀pọ̀ ilé tí ó dúró lónìí ni a kò fi owó báńkì kọ́. A ra ilẹ̀, a mọ ìpìlẹ̀, a dúró. A dá àjọ, a yá díẹ̀ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀, a gbé ògiri dúró. A bo yàrá méjì, a kó wọlé. Ọ̀nà yìí pẹ̀lú ní ìnáwó tirẹ̀, nítorí sìmẹ́ǹtì ń gbówó lórí bí a ti ń dúró, ọ̀rọ̀ ọmọ onílẹ̀ kò sì rọrùn. Ṣùgbọ́n kò sí èlé tí ń jẹun lóru nígbà tí a bá sùn.

A kò wí pé gbogbo gbèsè ilé ni ó burú. Owó tí a ń san fún onílé kì í padà wá. Pẹ̀lúpẹ̀lù, nígbà tí ọjà bá ń gbówó lórí kíkankíkan, bí ó ti rí ní December 2024 tí ìgbówólórí ọjà fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 35 nínú 100, ẹni tí ó jẹ gbèsè ní èlé 6 tí kò yí padà ń jèrè, nítorí owó tí ó fi ń san án ń fúyẹ́ sí i. Àmọ́ ẹni tí èlé rẹ̀ ń bá ọjà gòkè, tí owó oṣù rẹ̀ sì dúró lójú kan, kò ní ìpín nínú èrè yẹn.

Nínú orí karùn-ún ìwé Nehemáyà, a kà nípa àwọn ènìyàn tí wọ́n fi oko àti ilé wọn dógò, àti bí Nehemáyà ti bínú sí ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún tí a ń gbà lọ́wọ́ wọn. Ọ̀pọ̀ olùtumọ̀ gbà pé oṣooṣù ni a ń gbà á. Èyí jẹ́ 12 lọ́dún. Ìdajì ohun tí tọkọtaya wa fẹ́ fi ọwọ́ sí ni!

Nítorí náà, kí ẹnikẹ́ni tó fi ọwọ́ sí ìwé, kí ọkọ àti aya jọ jókòó, kí wọ́n kọ ìbéèrè márùn-ún sórí ìwé lọ sí báńkì. Èkíní: èló ni àpapọ̀ gbogbo owó tí a ó san títí dé òpin? Èkejì: lóṣù àkọ́kọ́, èló ni ó kan ojú owó? Ẹ̀kẹta: ǹjẹ́ èlé yìí lè yí padà, ta ni yóò sì yí i? Ẹ̀kẹrin: bí a bá rí owó mú wá ṣáájú àkókò, ǹjẹ́ a ó gbà á láìsí ìtanràn, yóò ha sì dín ojú owó kù? Ẹ̀karùn-ún: bí iṣẹ́ bá bọ́ lọ́wọ́ wa, oṣù mélòó ni a ó fi ní sùúrù fún wa kí a tó ta ilé náà? Báńkì tí kò bá fẹ́ dáhùn márààrún lórí ìwé ti dáhùn ná.

Bàbá Ìbejì padà lọ sí báńkì pẹ̀lú ìwé ìbéèrè aya rẹ̀ lọ́wọ́. Nígbà tí ó dé, wọ́n jọ gbà pé àwọn yóò dúró ná, kí àwọn wá ilé tí kò tóbi tó ti àkọ́kọ́, kí aya náà forúkọ sílẹ̀ fún National Housing Fund, kí wọ́n sì yá owó tí ọdún mẹ́wàá lè san tán. Ìwọ̀n eku ni ìwọ̀n ìtẹ́. Inú rẹ̀ kò dùn lálẹ́ ọjọ́ náà, nítorí ilé àkọ́kọ́ náà dára lójú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó sùn.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí a kọ́ ilé, kí a sì gbé inú rẹ̀ pẹ̀lú àlàáfíà. Ó di ọ̀sẹ̀ tí ń bọ̀.