Ẹni Tí Kò Ní Àwíjàre, Kó Sanwó

Bí oníṣòwò bá ta sìmẹ́ńtì láwìn, tí ìwé àdéhùn àti rìsíìtì wà nílẹ̀, tí ẹni tó rà á kò sì san gbèsè, òfin ìgbẹ́jọ́ Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìpínlẹ̀ Èkó ti la ọ̀nà àbùjá sílẹ̀ fún un. Olùpẹjọ́ á kó ẹ̀rí rẹ̀ wá, á sì búra pé òun gbàgbọ́ pé olùjẹ́jọ́ kò ní àwíjàre. Ó wá kù sọ́wọ́ olùjẹ́jọ́ láti fi ìwé ìbúra tirẹ̀ hàn pé òun ní ohun gidi láti sọ. Bó bá fi hàn, adájọ́ á fún un láyè láti jà. Bí kò bá sí nǹkan níbẹ̀, ìdájọ́ á wáyé láìpe ẹlẹ́rìí kankan.

Ẹ̀bẹ̀ mi sí àwọn adájọ́ ni pé kí wọ́n má fi àyè yìí tọrẹ. Lọ́dún 1984, nínú ẹjọ́ Nishizawa àti Jethwani, Ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà ti là á yé wa pé sísẹ́ gbèsè lásán kò tó. Olùjẹ́jọ́ gbọ́dọ̀ sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ní kíkún. Ẹ wo owó tó wà nídìí fífi ẹjọ́ falẹ̀. Àjọ tó ń ṣírò ọrọ̀ ajé Nàìjíríà kéde pé ní oṣù Kejìlá ọdún 2024, ọ̀wọ́n gógó ọjà ti dé ìdá 34.80 nínú ọgọ́rùn-ún láàárín ọdún kan. Nírú àkókò bẹ́ẹ̀, gbogbo ọdún tí ẹjọ́ bá fi falẹ̀, èrè onígbèsè ni: náírà tó máa san lẹ́yìn náà kò ní ra tó ohun tó ì bá rà lọ́jọ́ tó yẹ kó san án.

Àwọn kan á ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dájọ́, òṣìkà èèyàn ni, pé abala 36 ìwé òfin ọdún 1999 sì fún oníkálukú lẹ́tọ̀ọ́ sí ìgbẹ́jọ́ tó tọ́. Òótọ́ ni, mi ò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ẹ̀tọ́ yẹn ṣeré. Àmọ́ ìwé ìbúra yẹn gan-an ni àyè tí olùjẹ́jọ́ ní láti sọ̀rọ̀. Bí omi bá ba ìdajì àpò sìmẹ́ńtì jẹ́ kó tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, kó sọ bẹ́ẹ̀, kó fi fọ́tò àti lẹ́tà tó kọ nígbà náà tì í lẹ́yìn. Òfin gba adájọ́ láyè láti pín irú ẹjọ́ yìí sí méjì: kí olùjẹ́jọ́ san owó àpò tó dára lójú ẹsẹ̀, kó sì jà lórí èyí tó bàjẹ́.

Ibi tí àwíjàre bá ti ń kọni lóminú, Íńdíà ní ọ̀nà kan tí mo fẹ́ràn. Nínú ẹjọ́ Hubtown ní 2016, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ níbẹ̀ fún olùjẹ́jọ́ láyè láti jà, ṣùgbọ́n ó ní kó kọ́kọ́ kó rúpìì bílíọ̀nù 4.18 sílẹ̀ tàbí kó fi ohun ìdúró lélẹ̀. Kí àwọn tó ń kọ òfin ìgbẹ́jọ́ wa kọ irú èyí sínú rẹ̀ gedegbe.