Kò Yẹ Kí Ògì Ṣíṣe Parẹ́ Nínú Ilé Wa

Ní ilẹ̀ Yorùbá, ògì wà lára oúnjẹ tí a kọ́kọ́ ń fún ọmọ tí a fẹ́ já lẹ́nu ọmú. Òun náà ni a ń fún aláìsàn tí kò lè jẹ oúnjẹ líle. Ṣùgbọ́n lóde òní, ọ̀pọ̀ ilé ni kò mọ̀ ju pé kí wọ́n rà á lọ́jà lọ. Ní tèmi, ẹ̀yin òǹkàwé, kò yẹ kí ó rí bẹ́ẹ̀.

Lọ́nà kìíní, ògì ṣíṣe kò le. Ẹ ṣa àgbàdo dáadáa, ẹ rẹ ẹ́ sínú omi mímọ́ fún ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta, ẹ lọ̀ ọ́, ẹ sẹ́ ẹ, kí ẹ sì da èérí rẹ̀ fún ewúrẹ́. Ògì yóò rọ̀ sísàlẹ̀, omi yóò lé sókè, yóò sì kan. Ẹ má da omi kíkan yìí nù tán. Bí ẹ bá bu díẹ̀ sínú ògì tuntun, kíá ni ìyẹn náà yóò kan, bí ìgbà tí a fi ẹyinná dá iná mìíràn.

Lọ́nà kejì, ẹni tí ó ṣe ògì fúnra rẹ̀ mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Kíkan ògì ń dènà ọ̀pọ̀ kòkòrò àrùn, ṣùgbọ́n kò lè sọ omi ìdọ̀tí di mímọ́, kò sì lè sọ àgbàdo tí ó ti bu di rere.

Ìtọ́jú rẹ̀ náà rọrùn. Ẹ jẹ́ kí omi bò ó, kí ẹ sì máa pààrọ̀ omi náà lójoojúmọ́. Bí ó bá bu, ẹ dà á nù.

Òótọ́ ni pé àwọn ìyá ológì ń ran ẹni tí kò ráàyè lọ́wọ́. Òótọ́ sì ni pé ògì nìkan kò tó ọmọdé. Ó yẹ kí a fi ẹ̀wà sóyà tàbí ẹ̀pà kún un. Ẹlòmíràn lè ní búrẹ́dì ti wà. Ẹ rántí pé ní ọdún 1987, ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà fòfin de kíkó àlìkámà wọlé. Ohun tí a ń kó ti òkèèrè wá lè dáwọ́ dúró lọ́jọ́ kan, ṣùgbọ́n àgbàdo wà lóko wa.

Ní ìparí, ẹ̀yin ọ̀dọ́, lọ́kùnrin lóbìnrin, ẹ kọ́ ògì ṣíṣe lọ́wọ́ àwọn ìyá yín àgbà nígbà tí wọ́n ṣì wà láyé. Ọwọ́ ara ẹni ni a fi ń tún ìwà ara ẹni ṣe.