Jíìnì Olówó Ńlá: Ẹ̀kọ́ Tí Ọlọ́jà Ọtí Òṣòdì àti Ìsọlọ̀ Lè Rí Kọ́ ní London

Tí ilẹ̀ bá ti ń ṣú ní Òṣòdì, tí èrò ń wọ́ bọ̀ láti ibi iṣẹ́, kò sẹ́ni tó máa wá ọtí tì. Àwọn ọlọ́jà ti so ọtí inú ọ̀rá kọ́ bí ẹni sá aṣọ sórí okùn. Ẹni tó bá ní owó péréte lọ́wọ́ yóò já ọ̀kan, yóò fi eyín ya á, ó parí. Owó kékeré tó ń wọlé díẹ̀díẹ̀ yìí ni ọ̀pọ̀ ìyálọ́jà fi ń san owó ilé ìwé ọmọ àti owó ṣọ́ọ̀bù, láti Máfolúkù títí dé Ìsọlọ̀. Àmọ́ ọjà tí gbogbo ilé gbára lé yìí, okùn tó so ó kọ́ kò nípọn mọ́.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2018, àjọ NAFDAC, iléeṣẹ́ ètò ìlera ìjọba àpapọ̀ àti ẹgbẹ́ àwọn tó ń ṣe ọtí jọ tọwọ́ bọ̀wé pé tó bá fi máa di ọjọ́ 31, oṣù Kìn-ín-ní, ọdún 2024, ọtí inú ọ̀rá àti èyí tí ìgò rẹ̀ kò tó 200ml yóò dópin. Ohun tí NAFDAC ń sọ ni pé ọtí náà pọ́ọ́kú jù, ó sì kéré débi pé ọmọdé ń rí i rà, ó ń rí i fi pamọ́ sínú àpò. Nígbà tí ọjọ́ pé, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í mú òfin náà ṣẹ ní oṣù Kejì ọdún 2024, àwọn òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́ ọtí tú jáde, wọ́n ní iṣẹ́ fẹ́ẹ́ bọ́ lọ́wọ́ àwọn. Ìjọba bá sún un síwájú di ìparí ọdún 2025. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2025, Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà ní kò gbọdọ̀ sí àfikún ọjọ́ mọ́. Kí oṣù tó tẹ̀ lé e tó parí, ọ́fíìsì Akọ̀wé Ìjọba Àpapọ̀ tún ní kí wọ́n dáwọ́ dúró ná.

Kò sí ọlọ́jà tó lè fọkàn balẹ̀ gbé gbogbo owó rẹ̀ lé ọjà tí òní ń dè, tí ọ̀la ń tú. Ẹkún àwọn òṣìṣẹ́ kì í ṣe ẹkún lásán, ìbẹ̀rù NAFDAC lórí àwọn ọmọdé náà kì í sì í ṣe àsọdùn. Ṣùgbọ́n ọlọ́jà kọ́ ló máa dá ẹjọ́ náà. Ohun tó wà ní ìkáwọ́ tirẹ̀ ni bí ọjà inú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ tó wà lórí okùn yẹn ṣe máa pọ̀ tó.

Irú nǹkan báyìí ti ṣẹlẹ̀ ní London rí. Ní nǹkan bí ọ̀ọ́dúnrún ọdún sẹ́yìn, jíìnì ni ọtí àwọn mẹ̀kúnnù níbẹ̀. Ó pọ́ọ́kú, ó sì da ọ̀pọ̀ ilé rú, títí ìjọba fi ṣe òfin tó le lórí ẹ̀ ní ọdún 1751. Ọtí kan náà yìí ló padà di ọtí ọlọ́lá. Ní ọdún 2009, iléeṣẹ́ kékeré kan tó ń jẹ́ Sipsmith bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìkòkò kékeré pọn jíìnì ní London, lẹ́yìn tó ti bá àwọn aláṣẹ fà á kí wọ́n tó fún un níwèé àṣẹ, torí ìkòkò rẹ̀ kéré sí èyí tí wọ́n mọ̀. Àwọn mìíràn tẹ̀ lé e. Nígbà tó fi di ọdún 2018, ẹgbẹ́ àwọn olówò ọtí níbẹ̀ ṣírò ìgò jíìnì tí wọ́n tà nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sí mílíọ̀nù 66. Ẹni tó ń rà á fẹ́ mọ ẹni tó pọn ọ́n, ó fẹ́ mọ èso àti ewé tó wà nínú rẹ̀, ó sì ṣe tán láti sanwó lé e.

Kì í ṣe àwọn tó ń pọn ọtí nìkan ló jèrè o. Fever-Tree, tó bẹ̀rẹ̀ sí í tà ní ọdún 2005, kò pọn jíìnì rárá. Tónììkì àti ọtí ẹlẹ́rìndòdò tí wọ́n ń bù là á ló ń ṣe, òun náà sì di iléeṣẹ́ ńlá. Àmọ́ nígbà tó yá, ọjà náà rọlẹ̀. Àrùn Kòrónà ti ilé ọtí pa ní 2020, ohun gbogbo wọ́n, ojú àwọn oníbàárà sì kúrò lára jíìnì. Ẹni tó ti kó oríṣiríṣi jíìnì jọ sí ṣọ́ọ̀bù wá ń fi eruku nù ún.

Ẹ̀kọ́ méjì ló wà níbẹ̀. Àkọ́kọ́, ọtí tí gbogbo ayé fojú tẹ́ńbẹ́lú lè di ọjà iyì. Ìkejì, ohun tó bá ń lọ lọ́jà lónìí lè má lọ mọ́ lọ́la.

Nílé ńbí, ọ̀rọ̀ dọ́là tún wà níbẹ̀. Kí ìjọba tó jẹ́ kí náírà máa dá iye ara rẹ̀ mọ̀ ní oṣù Kẹfà ọdún 2023, dọ́là kan kò tó 500 náírà ní iye tí ìjọba fọwọ́ sí. Nígbà tó fi di oṣù Kejì ọdún 2024, ó ti kọjá 1,500. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2023 ni Guinness Nigeria kéde pé òun kò ní máa kó àwọn ọtí olówó ńlá kan wọlé láti òkè òkun mọ́. Nítorí náà, ọlọ́jà Òṣòdì tó bá ń fi jíìnì ilẹ̀ òkèèrè nìkan ṣe ọjà iyì, dọ́là ló ń bá ta tẹ́tẹ́.

Ti ilé wà, ó sì dára. Ọ̀tà ni wọ́n ti ń ṣe Chelsea London Dry Gin, torí orúkọ ọ̀nà ìpọntí ni "London Dry", kì í ṣe pé dandan ni kó ti London wá. Ní ọdún 2018, Lọlá Pedro àti Chibu Akukwe gbé ògógóró Pedro's jáde ní Èkó, wọ́n rọ ọ́ sínú ìgò tó rẹwà, wọ́n sì ń tà á fún àwọn ọlọ́lá. Ògógóró tí ìjọba amúnisìn ń mú èèyàn sẹ́wọ̀n lé lórí nìyẹn o.

Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ ta ọtí iyì gbọ́dọ̀ ṣọ́ra fún ayédèrú. Ìgò òfìfo ọtí olówó ńlá ní àwọn tó ń rà á, kì í sì í ṣe ohun rere ni gbogbo wọn ń rọ sínú rẹ̀. Ní ọdún 2015, ògógóró tí májèlé methanol wà nínú rẹ̀ pa ọ̀pọ̀ èèyàn ní Òde-Ìrèlè, ní ìpínlẹ̀ Òǹdó, àti ní ìpínlẹ̀ Rivers. Lọ́wọ́ alágbàtà tí iléeṣẹ́ mọ̀ ni kí ọlọ́jà ti máa ra ọjà, kó gba rìsíìtì, kó wo nọ́ńbà NAFDAC. Ìgò òfìfo, kó fọ́ ọ. Oníbàárà tó bá ra ayédèrú lẹ́ẹ̀kan kò ní padà wá mọ́.

Kò sì sí ìdí láti sáré bọ́ sínú ẹ̀. Nínú náírà márùn-ún tó fi ń ra ọjà, kí ọlọ́jà fi ẹyọ kan dán an wò. Kó mú oríṣi jíìnì méjì péré, kó fi ìgò 200ml kún un fún ẹni tí owó rẹ̀ kò tó ìgò ńlá, kó sì ní tónììkì, yìnyín àti ọsàn wẹ́wẹ́ nílẹ̀, torí èrè wà lára ìwọ̀nyẹn. Àwọn òtẹ́ẹ̀lì Àjàó Estate tó wà nítòsí pápákọ̀ òfurufú ń wá ẹni tí wọ́n lè fọkàn tán. Kó má ta àwìn, kó sì máa kọ ohun tó tà sílẹ̀ fún oṣù mẹ́ta. Ìwé yẹn ni yóò sọ fún un bóyá kó fi kún un tàbí kó dín in kù.

Ọtí inú ọ̀rá lè má lọ lọ́dún yìí, ó sì lè lọ lójijì. Òjò tó ń ṣú bọ̀, kì í ṣe ìgbà tó bá rọ̀ tán ni èèyàn ń ká aṣọ lórí okùn.