Ogún Bàbá: Ìdí-Igi Tàbí Orí-Ò-Jorí?

Ẹ̀yin ará wa ní Bassila àti Manigri, ọ̀rọ̀ kan wà tí a máa ń sá fún títí bàbá yóò fi kú: báwo la ó ṣe pín ilé àti oko kajú tó fi sílẹ̀? Àdúrà ọjọ́ kẹjọ kì í tíì tutù tí oníkálukú yóò fi gbé ìṣirò tirẹ̀ jáde. Ọmọ kan ṣoṣo tí ìyá rẹ̀ bí yóò ní ìdí-igi ni, kí ọmọ ìyá kọ̀ọ̀kan gba ìpín kan. Àwọn tí wọ́n jẹ́ mẹ́fà nínú ìyá kan yóò ní rárá o, orí-ò-jorí ni.

Irú ìjà yìí dé kóòtù ní Èkó. Suberu Dawodu kú ní nǹkan bí ọdún 1940, ó fi ọmọ mẹ́sàn-án sílẹ̀ láti ọ̀dọ̀ ìyàwó mẹ́rin. Adájọ́ àkọ́kọ́ ní orí-ò-jorí ni kí wọ́n fi pín in. Ní 1958, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà yí i padà: ìdí-igi ni àṣà, àmọ́ olórí ẹbí lè lo orí-ò-jorí bí ìjà bá wà. Ẹjọ́ náà dé Lọ́ńdọ̀nù kí wọ́n tó fìdí rẹ̀ múlẹ̀ ní 1962. Ọdún méjìlélógún lẹ́yìn ikú bàbá!

Ṣùgbọ́n ẹ má fi ìdájọ́ Èkó jà níhìn-ín. Òfin Bẹ̀nẹ̀ lórí ẹni àti ẹbí, nọ́ńbà 2002-07, tó jáde ní ọjọ́ 24 oṣù kẹjọ ọdún 2004, sọ pé ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin dọ́gba nínú ogún, àkọ́bí kò ju àbúrò lọ, ìyá yòówù tó bí wọn. Níbi tí òfin yìí bá ti sọ̀rọ̀, àṣà kò lágbára òfin mọ́. Ẹni tó bá gbé ìdí-igi lọ síwájú adájọ́ ní Djougou, ọwọ́ òfo ló máa gbé bọ̀.

Mo mọ ohun táwọn àgbà máa sọ: “Bí a bá fún obìnrin nílẹ̀, ilé ọkọ ló ń gbé e lọ.” Ẹ̀rù yẹn kì í ṣe irọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìdí láti fo orúkọ rẹ̀. Ẹ lè fi oko sílẹ̀ lódindi, kí ẹ máa pín owó kajú lọ́dọọdún. Ẹ sì lè ra ìpín rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ ní gbangba, bó bá gbà. Bí ẹ bá yọ ọ́ kúrò, ìwé ìpín tí ẹ ṣe kò ní ẹsẹ̀ tó máa fi dúró.

Èrò tèmi ni pé kí bàbá tó wà láàyè sọ̀rọ̀ náà lónìí. Bó bá ti kú, kí ẹbí pe gbogbo ọmọ, títí kan àwọn tó wà nílé ọkọ àti ní Cotonou. Kí opó náà wà níbẹ̀, torí òun náà ní ìpín. Kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, kí gbogbo wọn fọwọ́ sí i lójú ẹlẹ́rìí. Bí ọmọ kékeré bá wà nínú wọn, kí ẹnikẹ́ni má ta ìpín rẹ̀ láìjẹ́ kí adájọ́ mọ̀.

Òfin kò fipá mú ẹnikẹ́ni wà nínú ohun àjọni títí láé. Ọmọ kan péré tó bá bínú lè pe ẹjọ́. Bí ilẹ̀ kò bá sì ṣeé pín, wọ́n lè ní kí a tà á. Àlejò á máa ká kajú tí bàbá yín gbìn, ẹ̀yin á sì máa wo ara yín bí ọ̀tá. A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́.